Fíìmù Tó Kú, Tó Sì Jí: Ìtàn Àtúnṣe Night of the Living Dead

Ìfáàrà

Nígbàkígbà tá a bá ń ka ìtàn akúdàáyà ní kíláàsì mi, akẹ́kọ̀ọ́ kan á nawọ́ sókè, á ní, "Ẹ jọ̀ọ́ sà, ṣé zombie nìyẹn?" Mo máa ń rẹ́rìn-ín. Rárá o, wọn kì í ṣe ọ̀kan náà. Akúdàáyà ni ẹni tó kú láìtọ́jọ́, tó wá lọ fara hàn ní ìlú mìíràn tí wọn ò ti mọ̀ ọ́n. Á ṣòwò, á kọ́lé, á bímọ. Ọjọ́ tí ará ilé rẹ̀ bá ṣe kòńgẹ́ rẹ̀ lọ́nà ni á pòórá. Akúdàáyà ní ìfẹ́ inú tirẹ̀, zombie ò ní. Ẹ rántí orin "Zombie" tí Fẹlá Aníkúlápó-Kútì ṣe ní 1976: sójà tí kò lè dá nǹkan rò, àfi ohun tí wọ́n bá ní kó ṣe, ló fi ṣe yẹ̀yẹ́.

Àmọ́ fíìmù òkú tó ń rìn kan wà tí ìgbésí ayé rẹ̀ jọ ti akúdàáyà gan-an. Orúkọ rẹ̀ ni Night of the Living Dead. Nínú àròkọ yìí, mo fẹ́ ká wo bó ṣe bọ́ lọ́wọ́ àwọn tó ṣe é, bó ṣe ń kiri ayé pẹ̀lú ojú tí kì í ṣe tirẹ̀, àti bí wọ́n ṣe dá ojú rẹ̀ padà fún un. Mo sì fẹ́ jẹ́wọ́ àṣìṣe kan tí èmi fúnra mi ṣe lórí rẹ̀.

Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti wá

Háítì ni àwọn ará Amẹ́ríkà ti gbé ọ̀rọ̀ zombie. Láti 1915 sí 1934, ọmọ ogun Amẹ́ríkà gba ilẹ̀ Háítì, wọ́n sì ń ṣàkóso rẹ̀. Ní 1929, William Seabrook tẹ ìwé The Magic Island jáde, ìwé náà sì sọ ọ̀rọ̀ yìí di ohun tí ọ̀pọ̀ èèyàn mọ̀. Ní 1932, tẹ̀gbọ́n tàbúrò kan, Edward àti Victor Halperin, gbé fíìmù White Zombie jáde. Bela Lugosi ló ṣe olóògùn ìkà tó ń fi àwọn zombie ṣiṣẹ́ ní ilé iṣẹ́ ṣúgà rẹ̀.

Ẹ kíyè sí iṣẹ́ ṣúgà yẹn dáadáa. Lójú àwọn ará Háítì, kì í ṣe pé zombie máa jẹ èèyàn ló ń bani lẹ́rù. Ohun tó ń bani lẹ́rù ni pé kí wọ́n sọ èèyàn di zombie, kó máa sìnrú lẹ́yìn ikú pàápàá. Àwọn tí baba ńlá wọn ṣẹrú nínú oko ìrèké ló ni ìtàn náà, àwọn tí wọ́n kó láti Kóńgò, láti Dahomey, àti láti ilẹ̀ Yorùbá pẹ̀lú.

Bí wọ́n ṣe ya fíìmù náà

Ní 1967, George A. Romero, ọ̀dọ́mọkùnrin ẹni ọdún 27 tó ń ṣe fíìmù ìpolówó ọjà ní Pittsburgh, pẹ̀lú John Russo, Russell Streiner àtàwọn ọ̀rẹ́ wọn, dá ilé iṣẹ́ kan sílẹ̀ tí wọ́n pè ní Image Ten. Èèyàn mẹ́wàá ló kọ́kọ́ dáwó, 600 dọ́là lẹ́nì kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí iṣẹ́ fi máa parí, owó tí wọ́n ná ti tó nǹkan bí 114,000 dọ́là. Fún fíìmù, owó kékeré nìyẹn. Ilé kan nítòsí Evans City, ní ìpínlẹ̀ Pennsylvania, ni wọ́n ti yà á. Dúdú àti funfun ni fíìmù náà, nítorí náà ṣokoléètì olómi ni wọ́n lò bí ẹ̀jẹ̀.

Ìtàn inú rẹ̀ ò le. Òkú ń jí, wọ́n ń jẹ èèyàn, àwọn èèyàn méje kan sì há sínú ilé kan. Ben ló ń ṣe bí olórí wọn. Duane Jones, ọmọ Amẹ́ríkà aláwọ̀ dúdú, ló ṣe Ben. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, Ben nìkan ló ṣẹ́kù láàyè. Àwọn ọkùnrin oníbọn tó wá pa òkú rí i lójú fèrèsé, wọ́n pè é ní òkú, wọ́n yìnbọn fún un, wọ́n sì fi ìkọ́ gbé e jù sínú iná. Romero sọ pé inú mọ́tò lòun wà, òun ń gbé fíìmù náà lọ sí New York, nígbà tí òun gbọ́ lórí rédíò pé wọ́n ti pa Martin Luther King. Oṣù Kẹrin 1968 nìyẹn. Ta ló wá lè wo òpin fíìmù yẹn lọ́dún náà, tí kò ní ronú kan King?

Bó ṣe bọ́ lọ́wọ́ wọn

Ilé iṣẹ́ Walter Reade ní New York ló gbà láti gbé fíìmù náà jáde. Ọjọ́ kìíní oṣù Kẹwàá 1968 ni wọ́n kọ́kọ́ fi hàn, ní Pittsburgh. Ṣùgbọ́n nǹkan kan ti ṣẹlẹ̀ ṣáájú. Night of the Flesh Eaters ni orúkọ tó wà lójú fíìmù náà tẹ́lẹ̀. Fíìmù kan sì ti wà láti 1964 tó ń jẹ́ The Flesh Eaters. Wọ́n bá yí orúkọ padà. Ẹ̀gbẹ́ orúkọ àkọ́kọ́ yẹn gan-an ni wọ́n kọ àmì tó fi hàn pé fíìmù lólówó sí. Nígbà tí wọ́n yọ orúkọ kúrò, àmì bá a lọ, kò sì sẹ́ni tó rántí fi òmíràn síbẹ̀.

Ẹ lè sọ pé, "Kí ló kan àmì kékeré?" Ó kàn án gan-an o. Lábẹ́ òfin Amẹ́ríkà tó ti wà láti 1909, iṣẹ́ tó bá jáde láìní àmì yẹn ti di ti gbogbo ayé. Ẹnikẹ́ni lè fi hàn, ẹnikẹ́ni lè dà á kọ, ẹnikẹ́ni lè tà á, kò sì ní san kọ́bọ̀ fún Romero àtàwọn ẹgbẹ́ rẹ̀. Ọdún 1989 ni òfin náà tó wá yí padà pé àmì kì í ṣe dandan mọ́. Ó ti pẹ́ jù fún wọn.

Tibi-tire la dálé ayé. Nítorí pé ọ̀fẹ́ ni, fíìmù náà dé ibi gbogbo: tẹlifíṣọ̀n òru, kásẹ́ẹ̀tì fídíò, DVD olówó pọ́ọ́kú. Ìdí kan nìyẹn tí ayé fi mọ̀ ọ́n. Ṣùgbọ́n ẹ̀dà ẹ̀dà ni wọ́n ń tà. Ẹ̀dà kọ̀ọ̀kan ń dúdú ju èyí tó ṣáájú rẹ̀ lọ, ohùn rẹ̀ sì ń há. Àwọn kan tilẹ̀ fi ẹ̀rọ kun ún láwọ̀. Bíi ti akúdàáyà, ó wà láàyè ní ìlú tí kò sẹ́ni tó mọ ojú rẹ̀ gidi.

Ibi tí èmi ti ṣìnà nìyí. Ní yunifásítì nílé, inú kásẹ́ẹ̀tì tí ọ̀rẹ́ mi kan yá ní ṣọ́ọ̀bù fídíò ni mo ti kọ́kọ́ wò ó. Nínú òkùnkùn ilé yẹn, ojú Duane Jones ò hàn rárá, àfi ẹyinjú àti eyín. Mo wá kọ ojú ìwé mẹ́jọ fún olùkọ́ mi pé ńṣe ni olùdarí mọ̀ọ́mọ̀ fi òkùnkùn bo ojú ọkùnrin dúdú náà, kí àwọn òǹwòran má bàa rí i bí èèyàn. Wọ́n fún mi ní máàkì tó dáa. Inú mi dùn.

Bí wọ́n ṣe tún un ṣe

Ní 1999, ilé ìkàwé ìjọba Amẹ́ríkà, Library of Congress, fi Night of the Living Dead kún orúkọ àwọn fíìmù tí orílẹ̀-èdè náà gbọ́dọ̀ pa mọ́. Àmọ́ ká ní fíìmù ṣe pàtàkì ọ̀tọ̀, ká tún un ṣe ọ̀tọ̀. Ohun tó mú àtúnṣe ṣeé ṣe ni pé nẹ́gátíìfù tó jáde látinú kámẹ́rà ṣì wà. Nẹ́gátíìfù yẹn ni ìyá, gbogbo ẹ̀dà yòókù, ọmọ àti ọmọ ọmọ ni wọ́n. Ẹ̀dà lè di ti gbogbo ayé lójú òfin, àmọ́ àpótí tí ìyá wà nínú rẹ̀, ẹnì kan ló ń tọ́jú rẹ̀.

Ilé ìṣẹ̀ǹbáyé iṣẹ́ ọnà òde òní ní New York, tí wọ́n ń pè ní MoMA, àti The Film Foundation ló ṣe àtúnṣe náà. Owó wá látọ̀dọ̀ George Lucas Family Foundation àti Celeste Bartos Fund. Romero, Russo àtàwọn Streiner sì wà níbẹ̀ láti sọ bó ṣe yẹ kó rí. Wọ́n á fi ẹ̀rọ ya nẹ́gátíìfù ní àwòrán kọ̀ọ̀kan. Àwòrán 24 ló ń kọjá ní ìṣẹ́jú àáyá kan, fíìmù náà sì gùn tó ìṣẹ́jú 96. Ẹ ṣírò rẹ̀: ó lé ní àwòrán 138,000. Eruku àti ojú ìhà ni wọ́n ń yọ kúrò lára wọn. Wọ́n tún ń wá bí ìmọ́lẹ̀ ṣe wà lọ́jọ́ tí wọ́n yà á, wọ́n sì ń tún ohùn ṣe. Oṣù Kọkànlá 2016 ni wọ́n fi hàn ní MoMA. Romero kú ní oṣù Keje 2017, lẹ́ni ọdún 77. Ní oṣù Kejì 2018, Criterion gbé e jáde lórí Blu-ray fún wíwò nínú ilé. Ní 2022, wọ́n tún gbé e jáde lórí 4K. Ẹ̀dà ìgbà tí iṣẹ́ ò tíì parí, èyí tí wọ́n ń pè ní Night of Anubis nígbà náà, wà nínú àpò kan náà.

Kí ni Blu-ray fi yàtọ̀? Lórí DVD Amẹ́ríkà, ìlà 480 ló wà láti òkè àwòrán dé ìsàlẹ̀. Lórí Blu-ray, ó jẹ́ 1,080. Lórí 4K inú ilé, ó jẹ́ 2,160. Ṣùgbọ́n ẹ má jẹ́ kí nọ́ńbà tàn yín jẹ. Ẹ̀dà burúkú lórí Blu-ray, ẹ̀dà burúkú náà ni. Ẹ̀wẹ̀, ènìyàn lè fọ nǹkan títí tí ara rẹ̀ á fi bó. Nígbà tí Kino gbé White Zombie jáde lórí Blu-ray ní 2013, àwọn kan ráhùn pé wọ́n fọ̀ ọ́ jù, pé ojú àwọn òṣèré ń dán bíi rọ́bà, torí pé àwọn hóró fádákà kéékèèké tó di àwòrán náà mú ti bá ìdọ̀tí lọ. Ìdọ̀tí ọ̀tọ̀, ara fíìmù ọ̀tọ̀. Ẹni tó ń tún nǹkan ṣe gbọ́dọ̀ mọ ìyàtọ̀.

Nígbà tí mo wo Blu-ray ti 2018, mo jókòó jẹ́jẹ́. Ojú Duane Jones hàn kedere. Mo rí òógùn níwájú orí rẹ̀. Mo rí i tó ń ronú, tó ń bẹ̀rù, tí kò sì fẹ́ kí àwọn yòókù mọ̀. Òkùnkùn tí mo kọ ojú ìwé mẹ́jọ lé lórí kò sí níbẹ̀. Ẹ̀dà burúkú ló dá a sílẹ̀, mo sì ti gbé e lé olùdarí lórí.

Àgbálọgbábọ̀

Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́, ẹ̀kọ́ tí mo rí kọ́ nìyí: ká tó sọ ohun tí iṣẹ́ kan ń sọ, ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ béèrè pé ẹ̀dà wo ló wà lọ́wọ́ wa, àti pé níbo ni ìyá rẹ̀ wà. Ìbéèrè yìí kan ilé wa náà. Shaihu Umar, fíìmù Hausa tí Adamu Halilu ṣe ní 1976, tún jáde ní Berlin ní 2018 lẹ́yìn tí wọ́n rí i nínú àkójọ ìjọba ní Jos, tí wọ́n sì tún un ṣe ní Jámánì. Bí wọn ò bá rí i ńkọ́? Olóyè Hubert Ògúnǹdé ṣe Aiyé ní 1979, ó sì ṣe Jáíyésinmi lẹ́yìn náà. Ẹ bi àwọn òbí yín bóyá wọ́n wò wọ́n, àti ibi tí wọ́n ti wò wọ́n. Tí kásẹ́ẹ̀tì àtijọ́ bá wà nínú báàgì lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì, ẹ má jẹ́ kí wọ́n dà á nù. Ẹ kọ orúkọ rẹ̀ àti ọdún rẹ̀ sílẹ̀, ẹ gbé e síbi tí kò ní ọ̀rinrin. Bí ìyá ò bá sí mọ́, ọmọ kan ṣoṣo tó kù lè jẹ́ èyí tó wà nílé yín.