Kóró Nux-vomica, Májèlé Tí Wọ́n Sọ Di Oògùn

Bí ènìyàn bá mú kóró nux-vomica dání, yóò rò pé bọ́tìnì ẹ̀wù òtútù kan ló já sí òun lọ́wọ́. Ó rí roboto, ó pẹlẹbẹ, ó tẹ̀ wọnú díẹ̀ láàárín, ìbú rẹ̀ kò sì ju nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 2.5 lọ. Irun wẹ́wẹ́ tó ń dán bí aṣọ ṣẹ́dà bò ó lára, gbogbo irun náà ló dorí kọ etí kóró láti àárín. Kò rùn. Ó le bí ìwo màlúù, ọlọ kì í sì í tètè ràn án. Ahọ́n ló máa ń sọ irú ẹni tó jẹ́: ìkorò rẹ̀ kọjá ti ewúro, ó kọjá ti dongoyárò. Strychnine, májèlé inú rẹ̀, korò débi pé bí wọ́n bá po ìwọ̀n kan rẹ̀ mọ́ omi tó tó ìlọ́po mílíọ̀nù kan, ahọ́n ṣì lè mọ̀ pé nǹkan wà níbẹ̀.

Igi tó ń so ó ni onímọ̀ ewéko Linnaeus fún lórúkọ Strychnos nux-vomica lọ́dún 1753. Íńdíà àti Siri Láńkà ni ilé rẹ̀, ó sì tàn dé Thailand, Cambodia àti Vietnam. Igi tó ga níwọ̀nba ni, ewé rẹ̀ ń dán. Èso rẹ̀ tó bí ọsàn kékeré, ó sì máa ń pọ́n bí ọsàn nígbà tó bá gbó. Inú èso náà funfun, ó ń yọ̀, kóró díẹ̀ ló sì máa ń wà nínú rẹ̀. Ẹyẹ tó fara jọ àtíòro wa máa ń jẹ ẹran èso náà nínú igbó Íńdíà, a sì fi kóró sílẹ̀.

Àwọn Tamil ń pe igi náà ní etti, àwọn ará Kerala ń pè é ní kanjiram, àwọn tó ń sọ Híńdì ń pe kóró rẹ̀ ní kuchla. Àwọn ará Ṣáínà wò ó, wọn kò rí bọ́tìnì, owó ni wọ́n rí: nínú maqianzi tí wọ́n ń pè é, ẹṣin wà níbẹ̀, owó wà níbẹ̀. Ní Kerala, ìràwọ̀ kọ̀ọ̀kan tí wọ́n ń bí ọmọ sí ló ní igi tirẹ̀, kanjiram ni wọ́n yàn fún ìràwọ̀ Ashwati. Inú ìtàn àtẹnudẹ́nu wọn tún kún fún àǹjọ̀nú tí wọ́n fi ìṣó kàn mọ́ ara igi yìí kó má baà rìn mọ́. Ẹni tó bá mọ ohun tí a ń sọ nípa ìrókò kò ní ṣòro fún láti lóye irú ojú tí wọ́n fi ń wo kanjiram.

Àwọn ọmọ Faransé méjì, Pelletier àti Caventou, ló kọ́kọ́ yọ strychnine sọ́tọ̀, lọ́dún 1818. Ara kóró igi mìíràn tó jẹ́ ọmọ ìyá nux-vomica, tó ń hù ní Philippines, ni wọ́n ti kọ́kọ́ rí i. Lọ́dún 1820, àwọn méjèèjì yìí kan náà ló yọ kuiníìnì jáde láti ara èèpo igi, ìyẹn oògùn ibà tí àwọn òbí wa mọ̀ dáadáa. Láàárín ọdún méjì yẹn, ní 1819, wọ́n rí májèlé kejì, brucine, nínú èèpo igi kan tí wọ́n ń tà bí oògùn ní Yúróòpù. Wọ́n rò pé ara Brucea ni èèpo náà ti wá, igi ilẹ̀ Etiópíà tí wọ́n fi orúkọ arìnrìn-àjò James Bruce pè, wọ́n sì tìtorí bẹ́ẹ̀ sọ májèlé náà ní brucine. Èèpo nux-vomica ni o, tí àwọn oníṣòwò fi ṣe àdàmọ̀dì. Àṣìṣe ọjà ló bí orúkọ tí àwọn onímọ̀ ń pè títí di òní. Nínú kóró gbígbẹ, brucine àti strychnine pọ̀ jẹ́ nǹkan bí ìdá 2 sí 3 nínú ọgọ́rùn-ún, strychnine sì ń kó bí ìdajì. Bí àwọn ẹ̀yà inú strychnine ṣe so pọ̀ mọ́ra díjú tó bẹ́ẹ̀ tó jẹ́ pé ó di 1946 kí onímọ̀ kẹ́mísìrì Robert Robinson tó tú u, ó sì di 1954 kí R. B. Woodward tó lè fi ọwọ́ ṣe é ní yàrá ìwádìí.

Bó ṣe ń pani nìyí. Nínú ọ̀pá ẹ̀yìn wa, ohun kan wà tí wọ́n ń pè ní glycine, òun ni bíréèkì iṣan. Bí iṣan kan bá fẹ́ fà, glycine ló ń sọ fún ti ẹ̀gbẹ́ kejì pé kó rọ̀. Strychnine máa ń lọ jókòó síbi tí ó yẹ kí glycine jókòó sí, gbogbo iṣan a sì fà lẹ́ẹ̀kan náà. Kí ìdajì wákàtí tó pé, ọrùn á kọ́kọ́ le, ojú á máa fò, àyà á máa já. Lẹ́yìn náà ni ẹ̀yìn á tẹ̀ kọrọdọ bí ọrun, orí àti gìgísẹ̀ nìkan ni yóò kan ilẹ̀. Ẹnu á fà sẹ́yìn bí ẹni tó ń rẹ́rìn-ín. Ariwo kékeré, iná tí wọ́n tàn lójijì, ọwọ́ tó kàn án lásán, ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn ló lè fa ìfàro iṣan mìíràn. Èyí tó burú jù lójú tèmi ni pé ọpọlọ kì í kú lọ: aláìsàn mọ gbogbo ohun tó ń ṣẹlẹ̀, ó ń gbọ́, ó ń jẹ̀rora. Ìgbà tí iṣan àyà bá le tí kò jẹ́ kó mí mọ́ ni ikú máa ń dé. Ìdámẹ́wàá gíráàmù kan ti tó láti pa àgbàlagbà, ti ọmọdé kéré sí i gan-an.

Síbẹ̀ náà, ó pẹ́ tí wọ́n ti ń lo kóró yìí fún ìwòsàn. Àwọn oníṣègùn Ayurveda, ìṣègùn ìbílẹ̀ Íńdíà, ń lò ó fún oríkèé ríro, fún ẹsẹ̀ tó rọ, fún ikùn tí kì í da oúnjẹ. Ṣùgbọ́n wọn kì í lò ó ní tútù. Wọ́n á kó o sínú ìtọ̀ màlúù fún ọjọ́ 7, wọ́n á máa pààrọ̀ ìtọ̀ náà lójoojúmọ́. Lẹ́yìn náà ni wọ́n á bó èèpo rẹ̀, wọ́n á là á, wọ́n á yọ ọmọ inú rẹ̀ dànù, wọ́n á sè é nínú wàrà, wọ́n á din ín nínú ọ̀rá wàrà kó tó di pé wọ́n gún un. Ní Ṣáínà, inú yanrìn gbígbóná ni wọ́n ti ń yan án títí tí yóò fi wú tí àwọ̀ rẹ̀ yóò sì pọ́n. Ìwádìí fi hàn pé iná ń sọ lára strychnine di ohun mìíràn tí agbára májèlé rẹ̀ kéré sí i, ìtọ̀ àti wàrà pẹ̀lú sì ń fa díẹ̀ jáde. Díẹ̀ ni mo wí. Májèlé tó kù lẹ́yìn gbogbo ìnira yìí ṣì lè pani bí ọwọ́ bá wúwo, ìdí nìyẹn tí òfin oògùn Íńdíà fi ka kóró yìí mọ́ májèlé tí a kò gbọdọ̀ lò láìsí olùtọ́jú.

Ọ̀rọ̀ ìtọ̀ màlúù yìí kò lè ṣe àjèjì sí ọmọ Yorùbá. Àgbo gìrì tí wọ́n fi ewé tábà rẹ sínú ìtọ̀ màlúù ti wà nílé ọ̀pọ̀ ìyá rí. Àwọn dókítà ilẹ̀ wa ti fi hàn tipẹ́tipẹ́ pé ó ń dín ṣúgà inú ẹ̀jẹ̀ ọmọ kù, ó sì ń dí èémí. Ohun tó dùn mí ni pé níbi tí àwọn ará Íńdíà ti ń da ìtọ̀ náà nù lẹ́yìn tó ti ṣiṣẹ́ tán, ẹnu ọmọ tó dákú ni wọ́n ń rọ ọ́ sí lọ́dọ̀ wa.

Ní Yúróòpù, eku àti ajá ni wọ́n kọ́kọ́ ń fi kóró náà pa. Nígbà tó di ọ̀rúndún 19, àwọn oníṣègùn wọn sọ ọ́ di oògùn agbára. Wọ́n po strychnine mọ́ irin àti kuiníìnì nínú omi ṣúgà, wọ́n ń pè é ní Easton's Syrup, ẹni tí àìsàn bá ti sọ di hẹ́gẹhẹ̀gẹ ni wọ́n ń fún. Ìkorò a máa mú kí itọ́ sun lẹ́nu, ebi a sì máa pani. Ewúro ń ṣe irú iṣẹ́ yẹn láìpa ẹnikẹ́ni. Ohun tí àwọn ènìyàn ń pè ní agbára kì í ṣe nǹkan mìíràn ju ìbẹ̀rẹ̀ ìfàro iṣan yẹn lọ. Ìwọ̀n tó ń mú ara yá àti èyí tó ń mú ara gan kò jìnnà síra rárá, ìṣègùn òde òní sì tìtorí èyí pa á tì.

Eré ìje márátọ́ọ̀nù Òlíḿpíìkì ti St. Louis, ní Amẹ́ríkà, ọjọ́ 30 oṣù kẹjọ ọdún 1904, fi èyí hàn ketekete. Oòrùn mú, eruku bo ọ̀nà, àwọn 32 ló gbéra, 14 péré ló dé ìdí. Nígbà tí ó rẹ Thomas Hicks, ọ̀kan nínú àwọn sárésáré náà, tí kò lè sáré mọ́, àwọn tó ń tọ́jú rẹ̀ fún un ní strychnine bíi mílígíráàmù kan pẹ̀lú funfun ẹyin. Ó tún rẹ̀ ẹ́, wọ́n tún fún un lẹ́ẹ̀kejì pẹ̀lú ọtí líle. Ó gbẹ̀yẹ, ó sì ṣubú lulẹ̀. Ọ̀kan nínú àwọn tó ń tọ́jú rẹ̀, Charles Lucas, kọ̀wé pé eré náà fi hàn pé oògùn ń ṣe sárésáré láǹfààní! Nínú eré yẹn kan náà, Len Taunyane àti Jan Mashiani láti Gúúsù Áfíríkà, ọmọ Áfíríkà aláwọ̀ dúdú àkọ́kọ́ ní Òlíḿpíìkì, ṣe ipò kẹsàn-án àti ìkejìlá. Lónìí, eléré ìdárayá tí wọ́n bá bá strychnine nínú ìtọ̀ rẹ̀ yóò gba ìjìyà.

Àwọn apànìyàn náà lò ó. William Palmer, dókítà ìlú Rugeley ní Gẹ̀ẹ́sì, ni wọ́n yẹgi fún lọ́dún 1856 nítorí ikú ọ̀rẹ́ rẹ̀, John Cook. Àwọn agbẹjọ́rò rẹ̀ jiyàn pé tẹ́tánọ́ọ̀sì ló pa á, nítorí pé àrùn yẹn náà a máa mú ẹ̀yìn tẹ̀ bí ọrun. Ní ti ẹranko, láti ọdún 2006, òfin Ìparapọ̀ Yúróòpù kò gba kí wọ́n fi strychnine pa wọ́n mọ́.

Bí májèlé yìí bá mú ènìyàn, ohun tí ọwọ́ wa máa ń yá sí ni ó burú jù. Àwa a pé lé e lórí, a ó máa pariwo, a ó dì í mú mọ́lẹ̀, a ó máa fi ṣíbí ya ẹnu rẹ̀ láti fún un ní epo pupa. Epo pupa kì í pa májèlé, gbogbo ọwọ́ tó ń kàn án sì ń pe ìfàro mìíràn wá ni. Ilé ìwòsàn ni kí wọ́n sáré gbé e lọ, pẹ̀lú ìdákẹ́rọ́rọ́. Yàrá tó dákẹ́ tó sì ṣókùnkùn ni wọ́n ń tẹ́ ẹ sí níbẹ̀, wọ́n á fún un ní diazepam kí iṣan lè rọ̀, ẹ̀rọ á sì máa bá a mí bí ó bá gbà bẹ́ẹ̀. Wọ́n tún ń lo èédú tí wọ́n dìídì ṣe fún ìṣègùn, èyí tó yàtọ̀ sí èédú ìdáná, nítorí pé májèlé a máa lẹ̀ mọ́ ọn nínú ikùn. Ní ọ̀rúndún 19, apòògùn ọmọ Faransé kan, Pierre Touéry, po strychnine tó tó ìlọ́po 10 èyí tó ń pani mọ́ irú èédú bẹ́ẹ̀, ó gbé e mì níwájú àwọn onímọ̀ ìṣègùn ẹgbẹ́ rẹ̀, kò sì kú. Kò sí ẹ̀rọ̀ kan pàtó tó ń lé strychnine kúrò lára. Ẹ̀dọ̀ ló ń tú u ká díẹ̀díẹ̀. Ẹni tí wọ́n bá bá mí títí tí wákàtí 24 fi kọjá sábà máa ń dìde, tí yóò sì rìn lọ sílé pẹ̀lú iṣan tó ń ro ó.