Kí ẹ tó lọ gba àṣẹ ilé ẹjọ́ lẹ́yìn ẹni tí ẹ jọ ń jà

Ẹnì kan fẹ́ fi owó ránṣẹ́ láàárọ̀, báǹkì ní wọ́n ti ti àkáǹtì ẹ̀ pa, ilé ẹjọ́ ló pàṣẹ. Ó ní, "Ilé ẹjọ́ wo? Ta ló pè mí lẹ́jọ́?" Kò sẹ́ni tó fún un níwèé kankan lóòótọ́. Àṣẹ tí àwọn lọ́yà ń pè ní ex parte ni: ẹnì kan ṣoṣo ló dúró níwájú adájọ́, òun nìkan ló rojọ́, wọ́n sì fún un ní ohun tó tọrọ fúngbà díẹ̀.

Ṣebí àwa Yorùbá la ní ẹni tó gbọ́ ẹjọ́ ẹnìkan dá, àgbà òṣìkà ni? Òfin náà mọ̀. Ó kàn jẹ́ pé nǹkan mìíràn ò ṣeé dúró dè ni. Bí katakata bá ti wà nídìí ògiri ilé yín, tí ẹ bá ní kẹ́ ẹ kọ́kọ́ fún oníkatakata níwèé ìpẹ̀jọ́, ilé á ti wó kí ọjọ́ ìgbẹ́jọ́ tó pé. Ṣùgbọ́n torí pé ẹnì kejì ò sí níbẹ̀, ẹ̀yin tẹ́ ẹ wà níbẹ̀ lẹ máa bá a sọ tiẹ̀.

Ibi tí ọ̀pọ̀ èèyàn ti ń ṣubú nìyí. Wọ́n rò pé bí àwọn ò bá ti parọ́ nínú ìwé ìbúra, ó parí. Kò parí o. Ẹ gbọ́dọ̀ sọ èyí tó máa ta kò yín pẹ̀lú.

Ẹ jẹ́ ká ní ẹ yá Lágbájá ní mílíọ̀nù 5 náírà. Ó ti dá mílíọ̀nù 2 padà, ẹ sì ti sọ fún un lórí WhatsApp pé kó san ìyókù ní December. Ní August, ẹ búra pé ó gba mílíọ̀nù 5 lọ́wọ́ yín, ó sì fẹ́ sá lọ. Ó gbà á lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ọjọ́ tí òun àti lọ́yà ẹ̀ bá dé pẹ̀lú alert báǹkì àti ọ̀rọ̀ WhatsApp yẹn, adájọ́ lè fagi lé àṣẹ náà láì tiẹ̀ béèrè bóyá ó ṣì jẹ yín ní mílíọ̀nù 3. Bẹ́ẹ̀, ó jẹ yín! Kí ẹ sì tó tún ìwé mìíràn kọ, owó ti lè kúrò nínú àkáǹtì.

Ẹjọ́ tí àwọn lọ́yà máa ń tọ́ka sí lórí èyí ti pẹ́. Lọ́dún 1917, ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, Princess Edmond de Polignac ń bá àwọn agbowó-orí fà á. (Ọmọ Singer ni, ẹni tí orúkọ ẹ̀ wà lára máṣíìnì àwọn télọ̀ wa.) Ó kọ́kọ́ rí àṣẹ gbà lẹ́yìn wọn, àmọ́ ilé ẹjọ́ rí i pé kò sọ gbogbo òótọ́ nínú ìwé ìbúra ẹ̀. Wọ́n fagi lé e, wọ́n ò sì wo bóyá ó jàre tàbí ó jẹ̀bi.

Nílé níbí, nínú ẹjọ́ Kotoye àti CBN lọ́dún 1989, ilé ẹjọ́ tó ga jù lọ ní ìkánjú tẹ́ ẹ bá gbé lọ gbọ́dọ̀ jẹ́ ojúlówó, kì í ṣe èyí tẹ́ ẹ fi ìjáfara yín dá sílẹ̀. Wọ́n tún ní kí ẹni tó ń tọrọ àṣẹ ṣèlérí pé òun á san owó gbà-máà-bínú bó bá jẹ́ pé kò tọ́ sí òun. Irọ́ gan-an nínú ìwé ìbúra ńkọ́? Ẹ̀wọ̀n tó lè tó ọdún 14 ni nínú Criminal Code. Lójú tèmi, àwọn adájọ́ náà lẹ́bi tiwọn, torí àwọn kan ń yára fọwọ́ sí i jù. Lọ́dún 2021, NJC fìyà jẹ adájọ́ mẹ́ta lórí àwọn àṣẹ ex parte tó ń ta kora nínú ọ̀rọ̀ ẹgbẹ́ òṣèlú kan.

Bó bá wá jẹ́ ẹ̀yin ni wọ́n gba àṣẹ lé lórí, ẹ má tàpá sí i, bó tilẹ̀ jẹ́ irọ́ ni wọ́n fi gbà á. Títí wọ́n á fi fagi lé e, àṣẹ ni. Ẹ ní kí lọ́yà yín lọ gba ẹ̀dà ìwé ìbúra wọn ní ilé ẹjọ́, kẹ́ ẹ jókòó kà á níkọ̀ọ̀kan. Ẹ má wo ohun tí wọ́n kọ nìkan. Ẹ wá ohun tó yẹ kó wà níbẹ̀ tí kò sí: ríṣíìtì, lẹ́tà, àdéhùn, alert. Òun lẹ máa gbé lọ bá adájọ́.