Amọ̀, Rọ́bà àti Ẹ̀rù: Bí Wọ́n Ṣe Dá Àwọn Abàmì Ẹ̀dá Inú Eré Doom

Ní ọjọ́ 10 oṣù Kejìlá ọdún 1993 ni ilé-iṣẹ́ id Software, ní ìpínlẹ̀ Texas ní ilẹ̀ Amẹ́ríkà, gbé eré orí kọ̀ǹpútà kan jáde tí a ń pè ní Doom. Ojú ẹni tí ń ṣe eré náà ni a fi ń wo ohun gbogbo inú rẹ̀: ìbọn ọwọ́ rẹ̀ ni ó ń rí, àti ohun tí ń bọ̀ wá pa á. Ọgbọ́n ẹ̀rọ tí John Carmack fi kọ́ eré yìí ni ọ̀pọ̀ ènìyàn ń yìn. Ó yẹ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n lójú tèmi, àwọn abàmì ẹ̀dá inú rẹ̀ ni kò jẹ́ kí ó di ohun ìgbàgbé.

Ìtàn eré náà sọ pé láti ọ̀run àpáàdì ni wọ́n ti ń bọ̀. Ó rọrùn láti pè wọ́n ní èṣù, bí àwọn tí ó túmọ̀ Bíbélì ti kọ́ wa, ṣùgbọ́n Èṣù tí àwọn baba wa mọ̀ kò bá iná àpáàdì tan rárá. Abàmì ẹ̀dá tẹ́ mi lọ́rùn.

Nínú Wolfenstein 3D tí ilé-iṣẹ́ kan náà ṣe ní ọdún 1992, àwọn ọmọ-ogun Jámánì àti ajá wọn ni ọ̀tá. Adrian Carmack, tí kì í ṣe ìbátan John bí orúkọ wọn tilẹ̀ jọra, ni ó ń fi ọwọ́ yà wọ́n. Àwòrán pẹlẹbẹ ni ẹ̀dá inú irú eré bẹ́ẹ̀. Bí ó bá kọ ẹ̀yìn sí wa, a ní láti ya ẹ̀yìn rẹ̀. Bí ó bá yà sí ẹ̀gbẹ́, a ní láti ya ẹ̀gbẹ́. Ìhà 8 ni wọ́n ń kà, fún ìrìn àti fún ìjà. Ikú nìkan ni àwòrán ìhà kan tó fún; ìdí nìyí tí òkú inú Doom fi ń kọjú sí ẹnikẹ́ni tí ó bá ń wò ó, ibi yòówù kí onítọ̀hún dúró sí.

Iṣẹ́ yìí sú Adrian, nítorí ó ṣòro kí ìwo tí a yà níwájú bá èyí tí a yà lẹ́gbẹ̀ẹ́ dọ́gba. Ni ó bá bẹ̀rẹ̀ sí í mọ ère amọ̀. Wọn a gbé ère náà ka orí ohun tí ń yí, wọn a fi kámẹ́rà ya ìhà rẹ̀ gbogbo, wọn a sì tún àwòrán náà ṣe lórí kọ̀ǹpútà. Báyìí ni wọ́n ṣe Baron of Hell àti Cyberdemon. Ṣùgbọ́n amọ̀ kì í gba kí a máa tẹ apá àti ẹsẹ̀ rẹ̀ nígbà gbogbo. Nítorí náà, nígbà tí ó kan Spider Mastermind, wọ́n bẹ Gregor Punchatz lọ́wẹ̀, ẹni tí ó fi rọ́bà bo egungun irin. Òun náà ni ó ṣe Revenant, Mancubus àti Arch-vile fún Doom II ní ọdún 1994.

Ẹwà nìkan kọ́ ni wọ́n ń wá. Ìrísí ẹ̀dá kọ̀ọ̀kan ni ó ń sọ ìwà rẹ̀. Òkú tí ó gbé ìbọn kò ju ẹ̀mí 20 lọ, ṣùgbọ́n ọta rẹ̀ kò ṣeé yẹ̀. Imp aláwọ̀ ilẹ̀ ní 60; iná tí ó ń jù ṣeé yẹ̀ fún. Èyí tí ara rẹ̀ pupa rẹ́súrẹ́sú ní 150, eyín nìkan sì ni ohun ìjà rẹ̀. Cyberdemon ní 4000! Bí iná ọ̀kan bá ṣèèṣì ba òmíràn, wọn a kọjú ìjà sí ara wọn, ọlọ́gbọ́n eléré a sì fà sẹ́yìn. Spectre ni ó yà mí lẹ́nu jù. Àwòrán ẹlẹ́yín yẹn gan-an ni, wọn kò ya ọ̀tun. Wọ́n kàn sọ ọ́ di òjìji tí ń gbọ̀n rìrì nínú òkùnkùn ni.

Nígbà tí Quake dé ní ọdún 1996, ẹ̀dá inú rẹ̀ ti ní ara tòótọ́ tí a lè yí ká, ṣùgbọ́n agbára kọ̀ǹpútà ìgbà náà kò gbé ọ̀pọ̀ wọn pọ̀. Agbo ọ̀tá bá dínkù.

Àwọn kan ti padà sí ọ̀nà àtijọ́ láti ìgbà náà. Ní ọjọ́ 10 oṣù Kejìlá ọdún 2018, tí Doom pé ọdún 25 géérégé, ni Dusk tí David Szymanski ṣe jáde. Ara àwọn ẹ̀dá inú rẹ̀ rí gbágungbàgun bí ti Quake. Ẹni tí ó bá rò pé gbágungbàgun yìí ni gbogbo ohun tí Szymanski jogún kò tíì pàdé Wendigo inú eré náà: ojú kì í rí i títí ìbọn yóò fi bà á.