Atọ́nà Inú Ìgbà: Ohun Èlò Tí Àwọn Òǹkọ̀wé Fi Ń Tukọ̀ Láti Ọdún Dé Ọdún

Kí aago tó di ohun tí wọ́n fi ń rìnrìn àjò nínú ìwé ìtàn àròsọ, orí òkun ni wọ́n ti ń fi í wá ọ̀nà. Ní 1714, ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ya £20,000 sọ́tọ̀ fún ẹni tó bá lè jẹ́ kí atukọ̀ mọ bí ọkọ̀ rẹ̀ ti jìnnà tó síhà ìlà oòrùn tàbí ìwọ̀ oòrùn lójú agbami. Ayé ń yí dígírì 15 ní wákàtí kan. Bí aago inú ọkọ̀ bá ń sọ àkókò ilé láìtàsé, tí atukọ̀ sì mọ ìgbà tó di ọ̀sán gangan níbi tó wà, ìṣirò tó kù kò ṣòro. Àwọn ọ̀mọ̀wé ti mọ èyí tipẹ́; aago tó lè fara da ìgbì, òtútù àti ooru ni kò sí. John Harrison, káfíńtà tó fi aago ṣíṣe ṣiṣẹ́ ṣe, ló rọ ọ́, wọ́n sì gbé e lọ sí Jàmáíkà ní 1761 láti dán an wò.

Àkókò ni Harrison fi ń mọ ibi. Àwọn òǹkọ̀wé tó dé lẹ́yìn rẹ̀ fẹ́ mọ̀ bóyá èèyàn lè tukọ̀ nínú àkókò fúnra rẹ̀, bí ẹni pé odò ni, tó ní ìṣàn àti èbúté.

Ìgbìyànjú àwọn tó ṣáájú kò ní atọ́nà. Nínú ìtàn kúkurú tí Edward Page Mitchell tẹ̀ jáde nínú ìwé ìròyìn The Sun ní New York ní 1881, aago àtijọ́ kan yí sẹ́yìn, ó sì gbé àwọn ọ̀dọ́ dé Leiden ní 1574, nígbà tí ọmọ ogun Sípéènì dó ti ìlú náà. Kò sẹ́ni tó yan ọdún. Ọdún mẹ́fà lẹ́yìn náà, Enrique Gaspar, ará Sípéènì, fún ẹ̀rọ náà ní awakọ̀. Nínú El anacronópete, ọkọ̀ ńlá kan tó ń fi iná mànàmáná ṣiṣẹ́ ń fò lójú òfurufú lòdì sí ìhà tí ayé ń yí sí, bó sì ti ń fò ni ọjọ́ ń padà sẹ́yìn. Ẹni tí wọn kò bá fi oògùn olùdásílẹ̀ ẹ̀rọ náà dáàbò bò yóò máa kéré sí i lọ́jọ́ orí títí yóò fi pòórá. Ayé tó ń yí, tí Harrison fi ṣe ìṣirò, ni Gaspar fi ṣe yẹ̀yẹ́.

H. G. Wells ló fi ojú atukọ̀ wo ọ̀rọ̀ náà. Ẹ̀rọ inú The Time Machine, tó jáde ní 1895, ní ọ̀pá tí wọ́n fi ń gbéra àti èyí tí wọ́n fi ń dúró. Ó tún ní àwọn ojú aago: ọ̀kan ń ka ọjọ́, òmíràn ń ka ẹgbẹ̀rún ọjọ́, òmíràn mílíọ̀nù, òmíràn ẹgbẹ̀rún mílíọ̀nù. Ibẹ̀ ni arìnrìn-àjò náà ti rí i pé ọdún 802,701 lòun dé. Ohun tí ẹ̀rọ yìí mọ̀ kò ju iye tó ti kọjá lọ. Kò mọ ohun tó wà níwájú, kò sì kúrò lójú kan. Ọ̀pọ̀ òǹkàwé máa ń fo ibi tó wù mí jù níbẹ̀. Igun gúúsù-ìlà-oòrùn yàrá iṣẹ́ ni ẹ̀rọ náà ti gbéra. Nígbà tó padà, àríwá-ìwọ̀-oòrùn yàrá kan náà ló dúró sí. Àlàfo yẹn gan-an ni ibi tí àwọn Morlock, ẹ̀dá abẹ́ ilẹ̀ inú ìwé náà, wọ́ ọ dé, láti orí pápá lọ sábẹ́ ère Sphinx. Ẹ̀rí atukọ̀ nìyẹn, ó sì lágbára ju òdòdó tó wà nínú àpò arìnrìn-àjò náà lọ. Àmọ́ Wells gbójú fo ohun kan: ayé ń yí oòrùn ká. Ká ní ẹ̀rọ náà dúró lójú kan lóòótọ́, ayé ìbá ti sá fi í sílẹ̀.

Lẹ́yìn rẹ̀, ohun èlò ń pọ̀ sí i, ìgbẹ́kẹ̀lé sì ń dín kù. Nínú Doctor Who, eré tẹlifíṣọ̀n tí BBC bẹ̀rẹ̀ ní ọjọ́ 23 oṣù kọkànlá 1963, tábìlì onígun mẹ́fà tí bọ́tìnnì kún ló ń darí TARDIS, ọkọ̀ inú ìgbà tí akọni eré náà, Dókítà, ń wà, síbẹ̀ Dókítà kì í sábà mọ ibi tí yóò já sí. Ó rọrùn fún àwọn tó ń kọ eré náà. Ní 1979, Dókítà tiẹ̀ so ohun èlò kan mọ́ ọkọ̀ rẹ̀ tó ń yan ibi lásán, kí ọ̀tá má baà lè tọpa rẹ̀. Atọ́nà tí iṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ láti sọnù! Nínú fíìmù Time Bandits ti Terry Gilliam, ní 1981, àwọn aràrá mẹ́fà jí máàpù Ẹlẹ́dàá tó fi àwọn ihò inú ìgbà hàn, wọ́n sì ń gba ibẹ̀ lọ jalè. Mọ́tò DeLorean inú fíìmù Back to the Future, ní 1985, ní ojú nọ́ńbà mẹ́ta: ọjọ́ tí à ń lọ, ọjọ́ tí a wà, ọjọ́ tí a ti gbéra. Ọjọ́ tí Dókítà Brown, ẹni tó ṣe mọ́tò náà, tẹ̀ sí i láti fi ṣàpẹẹrẹ ṣì wà níbẹ̀ nígbà tí Marty, ọ̀dọ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀, ń sá fún àwọn oníbọn. Bí Marty ṣe bá ara rẹ̀ ní 1955 nìyẹn.

Connie Willis ló mú ìṣòro mímọ ọdún téèyàn dé le jù. Nínú Doomsday Book, ní 1992, Oxford rán akẹ́kọ̀ọ́ kan, Kivrin, lọ sí 1320. Lẹ́yìn tó ti lọ ni onímọ̀ ẹ̀rọ ń ṣírò ibi tó balẹ̀ sí gan-an. Ó rí i pé nǹkan kan kò tọ́, àmọ́ àìsàn dá a wó kó tó lè ṣàlàyé. Ọdún 1348 ni Kivrin wà, àjàkálẹ̀ àrùn sì ti wọ England.

Ní Amẹ́ríkà, Octavia E. Butler, obìnrin adúláwọ̀, ti pa gbogbo ẹ̀rọ tì ṣáájú ìyẹn. Nínú Kindred rẹ̀, ní 1979, agbára kan tí kò lórúkọ ń fa Dana láti California ọdún 1976 lọ sí oko ẹrú ní Maryland. Dana ní láti bi Rufus, ọmọ aláwọ̀ funfun tí bàbá rẹ̀ ni oko náà, léèrè ọdún. 1815 ni ọmọ náà pè é. Láti ìgbà náà lọ, bí Rufus ṣe ń dàgbà ló fi ń mọ ibi tí ìgbà dé. Ìwé ìtàn kan tí Dana gbé wá láti ilé ní máàpù Maryland nínú. Rufus tó ti di géńdé ní kó sun ìwé náà, ó tún ní kó sun máàpù, kí òun tó lè fi lẹ́tà rẹ̀ ránṣẹ́ sí ọkọ rẹ̀. Ọmọ olóko náà kò mọ nǹkan kan nípa ìrìn àjò inú ìgbà, àmọ́ ó mọ̀ pé ẹrú tó bá ní máàpù lọ́wọ́ lè sá lọ.