Ilé Ta Ni Wọ́n Wò? Ìtàn Orúkọ Látìnì Lára Igi Wa

Àwọn baba wa ni wọ́n wí pé ilé ni à ń wò kí a tó sọ ọmọ lórúkọ, ọ̀rọ̀ náà kò sì mọ sórí ọmọ ènìyàn nìkan, nítorí pé nínú ohun gbogbo tí Ẹlẹ́dàá dá sórí ilẹ̀ ayé, ìbáà ṣe igi gogoro inú aginjù, ìbáà ṣe koríko wẹ́wẹ́ ẹ̀bá ọ̀nà, kò sí èyí tí ẹni tí ó sọ ọ́ lórúkọ kò kọ́kọ́ wo ibì kan kí ó tó la ẹnu. Nígbà tí Yorùbá pe igi kan ní ìrókò, tí ó sì kì í ní olúwéré, igi tí àgbà kì í gé láì kọ́kọ́ tù ú lójú, ilé Yorùbá ni ó wò. Ṣùgbọ́n ìrókò yìí kan náà ní orúkọ mìíràn nínú ìwé àwọn onímọ̀ nípa ohun ẹlẹ́mìí. Ọ̀pẹ ní tirẹ̀, obì ní tirẹ̀, iṣu pẹ̀lú kò gbẹ́yìn: orúkọ ọlọ́rọ̀ méjì tí a fi Látìnì hun, tí akẹ́kọ̀ọ́ máa ń kọ́ sórí nítorí ìdánwò, tí kì í sì í bi ara rẹ̀ léèrè ilé ta ni ẹni tí ó fún un ní orúkọ náà wò. Bí a bá tú orúkọ wọ̀nyí wò lọ́kọ̀ọ̀kan, a ó rí i pé ọ̀nà tí igi náà gbà dé ọwọ́ òyìnbó ni púpọ̀ nínú wọn ń ròyìn, wọn kò sì sọ ohun púpọ̀ nípa àwọn tí igi náà ti ń bá gbé láti ìgbà ìwáṣẹ̀.

Carl Linnaeus, ọmọ ilẹ̀ Swídìn tí a bí ní ọdún 1707, ni ó fi ìlànà ọlọ́rọ̀ méjì yìí lélẹ̀. Nínú ìdílé rẹ̀, orúkọ tí ọmọ ń jogún láti ìran dé ìran kò tíì sí tẹ́lẹ̀. Bàbá rẹ̀, tí ó di àlùfáà ìjọ lẹ́yìn náà, ni ó yan ọ̀kan fún ara rẹ̀ nígbà tí ó fẹ́ wọ yunifásítì, tí ó wo igi linden ńlá kan tí ó wà lórí ilẹ̀ ìdílé wọn, tí ó sì fi Látìnì ṣe orúkọ igi náà lọ́ṣọ̀ọ́ títí ó fi di Linnaeus. Igi ni ó kọ́kọ́ fún ìdílé náà ní orúkọ, kí ọmọ ibẹ̀ tó wá di ẹni tí ń fún gbogbo igi ayé ní orúkọ. Kí ó tó dé, gbólóhùn gbọọrọ ni àwọn onímọ̀ Yúróòpù fi ń pe ewéko: koropo tí à ń rí nínú oko wa, tí èso rẹ̀ máa ń fara pamọ́ sínú àpò, ní orúkọ kan nígbà náà tí ó ń ròyìn pé ọdọọdún ni ó ń hù, pé ẹ̀ka rẹ̀ pọ̀ rẹpẹtẹ, pé ẹ̀ka náà ní igun, ó sì ń dán, àti pé ewé rẹ̀ ní eyín létí. Linnaeus gé gbogbo rẹ̀ kúrú sí Physalis angulata. Ní ọjọ́ kìíní oṣù karùn-ún ọdún 1753 ni ìwé rẹ̀ Species Plantarum jáde, nínú èyí tí nǹkan bí 6,000 irú ewéko ti gba orúkọ méjì méjì, èyí àkọ́kọ́ fún agbo ilé, èkejì fún ọmọ. Ní ọdún 1758 ni ó sì ṣe bákan náà fún àwọn ẹranko. Látìnì ni ó lò nítorí pé òun ni èdè ìwé fún àwọn ọ̀mọ̀wé Yúróòpù ìgbà náà, kì í sì í ṣe èdè abínibí ìlú kankan mọ́, tí ẹnikẹ́ni ì bá fi jowú.

Ẹ jẹ́ kí a mú ọ̀pẹ ṣe àkọ́bẹ̀rẹ̀, ọ̀pẹ tí kò ní ohun tí à ń sọ nù lára, láti orí ikin tí babaláwo fi ń dá Ifá títí dé orí ọwọ̀ tí ìyàwó ilé fi ń gbálẹ̀. Elaeis guineensis ni wọ́n ń pè é. Nikolaus von Jacquin ni ó sọ ọ́ bẹ́ẹ̀ ní ọdún 1763, ẹni tí ọba ilẹ̀ Ọ́síríà rán lọ sí àwọn erékùṣù Káríbíà láti kó ewéko wá fún ọgbà ààfin. Kì í ṣe ilẹ̀ wa ni ó ti rí ọ̀pẹ tí ó kọ ìwé lé lórí. Erékùṣù Martinique ni. Ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ wá láti inú èdè Gíríìkì, níbi tí ó ti jẹ́ orúkọ igi ólífì, nítorí pé igi òróró tí àwọn ará ibẹ̀ mọ̀ nìyẹn. Ọ̀rọ̀ kejì sì ń tọ́ka sí Gínì, etíkun tí ọ̀pẹ ti wá. Bí a bá wá béèrè ohun tí ó gbé ọ̀pẹ ṣáájú ẹni tí ó sọ ọ́ lórúkọ dé òdìkejì òkun, ìdáhùn rẹ̀ ń dunni: òwò ẹrú ni, ọ̀nà kan náà tí àwọn ènìyàn wa gbà lọ, tí ó fi jẹ́ pé títí di òní epo pupa kò wọ́n nínú ìkòkò àwọn olórìṣà Bàhíà ní Bùràsíìlì. Irú nǹkan báyìí náà ni ó ṣẹlẹ̀ sí iṣu ìgángán, iṣu tí inú rẹ̀ pọ́n, tí í ṣe ọmọ bíbí ilẹ̀ Áfíríkà, ṣùgbọ́n tí Lamarck ará Faransé pè ní Dioscorea cayenensis ní ìparí ọ̀rúndún kejìdínlógún, tí ó fi ìlú Cayenne ní Gúúsù Amẹ́ríkà ṣe oríkì rẹ̀. Dioscorides, oníṣègùn ará Gíríìkì láyé ọba Nero, ni ó ni ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́. Oníṣègùn Gíríìkì kan àti èbúté kan ní Amẹ́ríkà ni iṣu Áfíríkà wá ń jẹ́.

Ìṣin ni ọ̀ràn tirẹ̀ tún jinlẹ̀ jù. Ní ọdún 1778 ni igi náà dé Jàmáíkà láti etíkun wa, nínú ọkọ̀ tí ó kó ẹrú. Àwọn tí wọ́n kó lọ mọ̀ pé ẹnikẹ́ni kì í fi ipá la ìṣin, pé ó di ìgbà tí ó bá fi ọwọ́ ara rẹ̀ là lórí igi kí ènìyàn tó jẹ ẹ́, nítorí pé májèlé ni èyí tí kò là. Wọ́n kò gbàgbé ìmọ̀ náà sórí òkun, òun ni ó sì jẹ́ kí ìṣin pẹ̀lú ẹja oníyọ̀ di oúnjẹ àpọ́nlé fún gbogbo orílẹ̀-èdè Jàmáíkà lónìí. Ṣùgbọ́n ní ọdún 1793, Ọ̀gá-ọkọ̀ William Bligh, ẹni tí àwọn atukọ̀ rẹ̀ ti dìtẹ̀ mọ́ nínú ọkọ̀ Bounty ní ọdún 1789, gbé ìṣin láti Jàmáíkà lọ sí ọgbà Kew ní Lọ́ńdọ̀nù, nígbà tí ó sì di ọdún 1806, Koenig sọ igi náà ní Blighia sapida. Sapida ni pé ó dùn lẹ́nu, ìyẹn kò sì burú. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó gbé igi wọkọ̀ lẹ́ẹ̀kejì ni ó gba oyè, àwọn tí wọ́n mọ ìgbà tí ìṣin í bọ́ ni àti ìgbà tí í pa ni kò sì rí nǹkan kan gbà.

Bẹ́ẹ̀ náà ni igi irúgbá, tí àwọn ìyá wa ti ń se èso rẹ̀ ní irú kí a tó bí baba ńlá Mungo Park, ti ń jẹ́ Parkia biglobosa. Robert Brown ni ó fi ọ̀rọ̀ àkọ́kọ́ náà rántí Park ní ọdún 1826, ogún ọdún lẹ́yìn tí arìnrìn-àjò ará Skọ́tílándì yìí ti bá omi Ọya lọ ní Bùsà. Biglobosa sì ń sọ nípa òdòdó igi náà tí ó rí rogodo, tí ó sì tún ru rogodo mìíràn. Kì í sì í ṣe gbogbo irú orúkọ bẹ́ẹ̀ ni ó jẹ́ ti ẹni tí ó kàn ń kọjá lọ. Igi òro, tí à ń lọ kóró rẹ̀ láti fi se ọbẹ̀ ààpọ̀n, wà ní agbo ilé tí wọ́n ń pè ní Irvingia, orúkọ tí Joseph Hooker dá sílẹ̀ ní ọdún 1860 ní ìrántí Edward George Irving, dókítà ọmọ ogun ojú omi tí ó wá bá àwọn Ẹ̀gbá gbé ní Abẹ́òkúta, tí ó bá ìjọ C.M.S. ṣiṣẹ́, tí ó ṣa ewé àti igi agbègbè náà jọ, tí ó sì kú ní ọdún 1855. Ẹni tí ó bá ń se ààpọ̀n nílé Ẹ̀gbá lónìí kò mọ̀ pé orúkọ ẹni tí ó gbé àárín àwọn baba ńlá òun ni ó wà lára igi náà.

Nígbà mìíràn ẹ̀wẹ̀, bí ewé bá pẹ́ lára ọṣẹ, yóò di ọṣẹ, nítorí pé ọ̀rọ̀ ẹnu àwọn ará ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà pẹ̀lú rí ọ̀nà wọ inú Látìnì. Palisot de Beauvois, ará Faransé, gúnlẹ̀ sí ilẹ̀ Wàrí ní ọdún 1786, ó dé Benin pẹ̀lú, àìsàn sì fẹ́rẹ̀ẹ́ pa á kí ó tó kúrò. Nínú ìwé ńlá tí ó bẹ̀rẹ̀ sí í tẹ̀ jáde ní ọdún 1804 nípa ewéko ilẹ̀ méjèèjì, ó ṣe àpèjúwe obì àbàtà, ó sì pè é ní Sterculia acuminata. Acuminata ń sọ nípa ewé rẹ̀ tí ó ní ṣóńṣó. Ṣùgbọ́n Sterculia wá láti ara òrìṣà ìgbẹ́ àwọn ará Róòmù, nítorí òórùn burúkú tí ó wà lára òdòdó àwọn kan nínú agbo ilé náà. Obì tí í bi ikú, tí í bi àrùn, tí a fi ń bá òrìṣà sọ̀rọ̀ kí ilẹ̀ tó mọ́, ni wọ́n kó sí ilé òrìṣà ìgbẹ́! Ní ọdún 1832 ni Schott àti Endlicher, àwọn ọ̀mọ̀wé ní Vienna, yọ ọ́ kúrò níbẹ̀, wọ́n dá agbo ilé tirẹ̀ sílẹ̀, wọ́n sì pe agbo ilé náà ní Cola, orúkọ tí a gbà láti ẹnu àwọn ará etíkun fúnra wọn. Àbàtà di Cola acuminata, gbàǹja tí ń dán sì di Cola nitida. Síbẹ̀ ọ̀rọ̀ yìí tún ṣì lọ sí ilé onílé, nítorí pé ní ọdún 1883 Heckel sọ orógbó ní Garcinia kola, bẹ́ẹ̀ orógbó kì í ṣe ìyekan obì rárá. Yorùbá kò ṣi àwọn méjèèjì mú fún ara wọn láéláé, àwa tí a mọ̀ pé orógbó ni ti Ṣàngó, tí a kì í sì í fi obì bọ ọ́.

Ẹni tí ó bá wá ti ipa èyí sọ pé kí a da orúkọ Látìnì nù, onítọ̀hún kò rò ó dénú. Ewé kan wà tí ó ti òkè òkun wá, tí ó gba oko mọ́ àgbẹ̀ lọ́wọ́, tí àgbẹ̀ náà sì ń fún omi rẹ̀ sójú ọgbẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ lè dá. Ní ìlú kan, ewé Akíntọ́lá ni wọ́n ń pè é, ní òmíràn ewé Awólọ́wọ̀ ni, bí ènìyàn bá sì kọjá sí Gánà, yóò gbọ́ tí wọ́n ń pè é ní Acheampong, orúkọ ẹni tí ó ṣe olórí ìjọba wọn nígbà kan. Ta ni yóò mọ̀ pé ewé kan ṣoṣo ni àwọn olóṣèlú mẹ́ta yìí, bí kò bá sí Chromolaena odorata tí ó so wọ́n pọ̀? Nínú ọ̀rọ̀ oògùn, níbi tí ìwọ̀n bíńtín ti lè sọ ìwòsàn di ikú, ìwúlò orúkọ tí kì í yí láti ìlú dé ìlú kò kéré rárá.

Òtítọ́ ni pé ó máa ń yí láti ìgbà dé ìgbà, ṣùgbọ́n òfin ni ó ń yí i. Ẹni tí ó bá kọ́kọ́ tẹ orúkọ jáde lọ́nà ẹ̀tọ́ ni orúkọ tirẹ̀ ń borí: igi emi tí à ń fún òrí lára èso rẹ̀ jẹ́ Butyrospermum parkii nínú ìwé ìjọba amúnisìn fún ọjọ́ pípẹ́, kí ó tó padà sórí Vitellaria paradoxa tí Gaertner ti kọ ní ọdún 1807. Ìmọ̀ tuntun nípa ẹbí igi pẹ̀lú a máa yí i: ìrókò jẹ́ Morus excelsa lọ́wọ́ Welwitsch tí ó rí i ní Àǹgólà, ó di Chlorophora excelsa lọ́wọ́ Bentham, ó sì di Milicia excelsa lọ́wọ́ Berg ní ọdún 1982. Agbo ilé rẹ̀ yí lẹ́ẹ̀mejì, excelsa tí ó ń sọ nípa gíga rẹ̀ kò yẹsẹ̀. Àwọn oníṣòwò gẹdú ní Yúróòpù kò tilẹ̀ dúró de ẹnikẹ́ni nínú wọn. Ìrókò ni wọ́n ń pè é lórí ìwé owó wọn, bí Yorùbá ṣe ń pè é gan-an.

Láìpẹ́ yìí ni àwọn onímọ̀ pàápàá bẹ̀rẹ̀ sí í tún ilé orúkọ wọn ṣe. Láti ọjọ́ kìíní ọdún 2012, kò di dandan mọ́ kí a fi Látìnì ṣe àpèjúwe ewéko tuntun, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé orúkọ rẹ̀ ṣì gbọ́dọ̀ wọ aṣọ Látìnì; ní oṣù keje ọdún 2024, nígbà tí wọ́n péjọ sí ìlú Madrid, wọ́n sì dìbò pé kí caffra, ọ̀rọ̀ èébú tí àwọn aláwọ̀ funfun fi ń bú ènìyàn dúdú ní gúúsù Áfíríkà, tí ó wà lára orúkọ ewéko tí ó lé ní igba, di affra, tí ń tọ́ka sí Áfíríkà lásán. Bí ilẹ̀ wa bá sì ti kan ọ̀ràn náà, àwọn kan ti ṣiṣẹ́ tí ó yẹ kí a yìn: Dalziel, tí ìwé rẹ̀ nípa àwọn ewéko tí ó wúlò ní ìwọ̀-oòrùn Áfíríkà jáde ní ọdún 1937, kọ orúkọ tí àwọn onílẹ̀ ń pe igi sí ẹ̀gbẹ́ ti Látìnì, Pierre Verger, tí Ifá sọ di Fátúmbí, sì ṣe bákan náà fún Yorùbá nínú ìwé Ewé rẹ̀ ní ọdún 1995.

Ṣùgbọ́n iṣẹ́ àwọn àlejò ni ìwọ̀nyí, ọmọ onílé kò sì yẹ ní ẹni tí í jókòó kí àlejò máa bá a ka igi oko baba rẹ̀. Òfin orúkọ kò sọ pé Gíríìkì àti Látìnì nìkan ni ọ̀rọ̀ ti lè wá. Èdè yòówù tí ó wù kí ó jẹ́ ni a lè mú lò, bí a bá ti tún ìrù rẹ̀ ṣe bí Látìnì ti ń fẹ́. Bí ọ̀kan nínú àwọn ọmọ wa bá rí irú ewéko tí ẹnikẹ́ni kò tíì kọ sílẹ̀, ìbáà jẹ́ nínú igbó Ọmọ, ìbáà jẹ́ lórí òkè Ìdànrè, ẹ̀tọ́ rẹ̀ ni láti lọ béèrè lọ́wọ́ ọdẹ àti oníṣègùn àdúgbò ohun tí wọ́n ń pè é, kí ó fi ọ̀rọ̀ náà sínú ìwé, kí ó sì fi orúkọ ara rẹ̀ tẹ̀lé e gẹ́gẹ́ bí ẹni tí ó kọ́kọ́ kọ ọ́. Láti ọjọ́ náà lọ, ará Swídìn, ará Ṣáínà àti ará Bùràsíìlì yóò máa pè é bí a ṣe ń pè é nílé.