Ọ̀fẹ́ Yàtọ̀ sí Òmìnira: Ìtàn Àwọn Ètò Kọ̀ǹpútà tí a Fi Ń Wo Ìwé

Ìfáàrà

Nínú iṣẹ́ yìí, a fẹ́ tọpasẹ̀ ìtàn àwọn ètò kọ̀ǹpútà tí a fi ń ṣí ìwé wò, pàápàá jù lọ àwọn tí ẹni tó kọ wọ́n gbà kí ẹnikẹ́ni wo inú wọn, kí ó tún wọn ṣe, kí ó sì pín wọn fún ẹlòmíràn. Ọ̀rọ̀ náà kan àwa olùkọ́ àti olùdánwò gbọ̀ngbọ̀n, nítorí pé púpọ̀ nínú ìlànà ẹ̀kọ́, ìbéèrè ìdánwò àti àpilẹ̀kọ tí à ń lò lónìí ni ó ń dé ọ̀dọ̀ wa gẹ́gẹ́ bí ìwé PDF. Yorùbá bọ̀, wọ́n ní oko kì í jẹ́ ti baba àti ti ọmọ kí ó má ní ààlà. Èrò wa ni pé ààlà wà láàárín ohun tí a kò sanwó fún àti ohun tí a ní òmìnira lórí rẹ̀.

Ìpìlẹ̀: PostScript àti Ghostscript

Ní 1982 ni John Warnock àti Charles Geschke, tí wọ́n ti ṣiṣẹ́ ní ilé ìwádìí Xerox ní Palo Alto, dá ilé-iṣẹ́ Adobe sílẹ̀ ní California. Ní 1984 ni wọ́n gbé PostScript jáde. Èdè ni PostScript jẹ́, tí a fi ń sọ fún ẹ̀rọ ìtẹ̀wé bí ojú ìwé yóò ti rí: ibi tí lẹ́tà kọ̀ọ̀kan yóò dúró sí, bí yóò ti tóbi tó, ibi tí ilà yóò gbà. Nígbà tí Apple fi í sínú ẹ̀rọ LaserWriter ní 1985, òkìkí rẹ̀ kàn. Owó ni Adobe ń gbà lórí ètò tó ń túmọ̀ èdè náà, ṣùgbọ́n ó tẹ òfin gírámà èdè náà jáde ní ìwé fún gbogbo ayé. Ẹni tí ó bá ka ìwé yẹn tí ó sì yé e lè kọ ètò atúmọ̀ tirẹ̀.

Ẹni tí ó ṣe bẹ́ẹ̀ ni L. Peter Deutsch, tí òun náà ti ṣiṣẹ́ ní Palo Alto. Ní 1988 ó gbé Ghostscript jáde lábẹ́ GNU, iṣẹ́ tí Richard Stallman ti kéde ní 1983 pé gbogbo ohun inú rẹ̀ yóò wà ní òmìnira. Atúmọ̀ lásán ni Ghostscript; Ghostview, tí Tim Theisen kọ ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1990, ni ó fún un ní ojú tí ènìyàn lè máa ṣí ìwé wò.

A kò lè ṣe aláìmẹ́nuba àríyànjiyàn tó tẹ̀lé e. Nígbà tó yá, Deutsch fi ẹ̀dà tuntun sábẹ́ ìwé-àṣẹ mìíràn, Aladdin: ẹnikẹ́ni lè lò ó lọ́fẹ̀ẹ́, ṣùgbọ́n kò gbọdọ̀ tà á. Ẹ̀dà tí ó ti pẹ́ díẹ̀ nìkan ni ó ń wá sábẹ́ ìwé-àṣẹ GNU. Àwọn ẹgbẹ́ Stallman kò ka ti Aladdin sí òmìnira. Láti ìgbà náà ni ìyàtọ̀ tí à ń sọ yìí ti hàn gbangba.

PDF àti Xpdf

Ní 1993 ni Adobe gbé PDF jáde, tòun ti ìwé ìlànà rẹ̀. Owó ni wọ́n kọ́kọ́ ń gba lórí Acrobat Reader tí a fi ń kà á. Ní 1994 ni ó di ọ̀fẹ́. Síbẹ̀, kò sí ẹni tí ó lè rí inú rẹ̀. Ní 1995 ni Derek Noonburg gbé Xpdf jáde lábẹ́ ìwé-àṣẹ GNU, òun náà sì ka ìlànà tí Adobe tẹ̀ jáde.

Ọ̀pọ̀ ètò mìíràn ni ó da iṣẹ́ Noonburg kọ sínú ara wọn. Èyí dá wàhálà sílẹ̀: bí a bá rí ihò kan tí olè lè gbà wọlé nínú Xpdf, olúkúlùkù ni yóò máa dí ihò náà lọ́tọ̀ọ̀tọ̀. Nítorí náà, ní 2005, Kristian Høgsberg mú Xpdf 3.0, ó sì sọ ọ́ di Poppler, àkójọ kan ṣoṣo tí gbogbo ètò lè máa lò papọ̀. Orí rẹ̀ ni Evince, tó wọ GNOME ní 2005, dúró lé. Òun náà ni Okular, tó bá KDE 4 jáde ní 2008, fi ń ka PDF.

Ẹ jẹ́ kí a fi èyí wé ti Adobe. Nígbà tí ẹ̀dà kẹwàá Reader jáde fún Windows àti Macintosh ní 2010, àwọn tó ń lo Linux kò rí tiwọn gbà. Ìkẹsàn-án ni ó kẹ́yìn fún wọn. Wọn kò san kọ́bọ̀, ṣùgbọ́n wọn kò lè tún ohun tí Adobe fi sílẹ̀ ṣe. Xpdf ní àwọn ajogún. Reader ti Linux kò ní.

Ní 2008 ni PDF di ìlànà àjọ ISO. Ní 2013, Firefox 19 ti ní ètò ìwòwé PDF tirẹ̀, PDF.js, nínú.

Ohun tí ó kan èdè Yorùbá

Bí ẹni tó ṣe ìwé PDF kò bá fi fọ́ǹtì sínú rẹ̀, ètò ìwòwé yóò wá òmíràn fi rọ́pò, èyí tó ṣeé ṣe kó má ní ẹ, ọ àti ṣ. Nígbà náà, ọkọ̀ lè di okò, ọwọ́ lè di owó, ìbéèrè ìdánwò a sì dojú rú. Àwọn fọ́ǹtì àtijọ́ kan tún wà tí wọ́n fi ẹ sí ipò àmì mìíràn: ojú yóò rí i dáadáa, ṣùgbọ́n bí a bá wá ọ̀rọ̀ náà nínú ìwé, a kò ní rí i. Ètò kékeré méjì tó bá Poppler rìn wúlò níhìn-ín. Pdffonts ń sọ fọ́ǹtì tó wà nínú ìwé àti èyí tí kò sí. Pdftotext ń fi ọ̀rọ̀ tó wà lábẹ́ àwòrán lẹ́tà hàn.

Àgbálọgbábọ̀

A ti rí i pé ìlànà tí a tẹ̀ jáde ni ó jẹ́ kí Ghostscript àti Xpdf ṣeé kọ, àti pé ìwé-àṣẹ òmìnira ni ó jẹ́ kí Xpdf ṣeé jogún. A rọ ẹ̀yin akẹgbẹ́ wa pé kí ẹ máa yẹ fọ́ǹtì inú ìwé ìdánwò wò kí ẹ tó fi ránṣẹ́, kí ẹ má sì pa á láṣẹ fún akẹ́kọ̀ọ́ pé ètò ilé-iṣẹ́ kan ṣoṣo ni kí ó fi ṣí i.