Chike Obi: Òtítọ́ Dọ́jà, Ó Kùtà

Òtítọ́ dọ́jà, ó kùtà. Owó lọ́wọ́ ni à ń ra èké. Òwe yìí bá ìtàn Ọ̀jọ̀gbọ́n Chike Obi mu. Ọdún 1921 ni wọ́n bí i. Ní 1950, ó gba oyè ọ̀mọ̀wé nínú ìmọ̀ ìṣirò ní Cambridge, òun ni a sì kà sí ọmọ Nàìjíríà àkọ́kọ́ tí ó ṣe bẹ́ẹ̀. Ní àwọn ọdún 1970, ó ń kọ́ni ní Yunifásítì Èkó, ní Akọ́kà, nítòsí Bàrígà àti Ṣómólú.

Kí ni iṣẹ́ rẹ̀ gan-an? Bí a bá so òkúta kọ́ sórí okùn, tí ó ń fì díẹ̀, ìṣirò ìrìn rẹ̀ rọrùn. Bí ó bá fì jìnnà, ìṣirò náà a takókó. Irú kókó bẹ́ẹ̀, tí àwọn onímọ̀ físíìsì náà ń bá pàdé, ni Obi fi ọ̀pọ̀ ọdún tú.

Ṣùgbọ́n ohun tí ọ̀pọ̀ ń ròyìn ni pé ó yanjú ìṣòro tí Fermat fi sílẹ̀ láti ọ̀rúndún kẹtàdínlógún. Obi tẹ ojútùú kan jáde lóòótọ́ ní 1998, àmọ́ àṣìṣe wà nínú rẹ̀. Andrew Wiles ni ó yanjú ìṣòro náà, ní 1995.

Obi kú ní 2008. Ẹ̀yin olùkọ́, iṣẹ́ rẹ̀ tòótọ́ ti tó iyì. Ẹ jẹ́ kí àwọn ọmọ wa mọ̀ ọ́n.